Ọjà Ń Tóbi, Ta Ló Ń Yó?

(Ọ̀rọ̀ tí a bá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ sọ níbi ìpàdé ọlọ́dọọdún wa ní Kumasi)

  

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn ìgbìmọ̀ tí wọ́n ní kí n wá sọ̀rọ̀ lónìí. Nígbà tí akọ̀wé wa mú lẹ́tà wá fún mi, ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ ni pé kí n sọ̀rọ̀ lórí "Ètò Ọrọ̀ Ajé àti Àwa Oníṣòwò". Mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n jẹ́ kí n fún un ní orúkọ tí ìyá tó ń ta ata lọ́jà lè dá mi lóhùn sí. Ìdí nìyí tí mo fi pè é ní "Ọjà ń tóbi, ta ló ń yó?"

Èmi kì í ṣe ọ̀mọ̀wé. Mo ṣe olùkọ́ fún ọdún mọ́kànlá ní ilé, lẹ́yìn náà ni mo padà sí Gánà níbí ní 1994, mo sì bọ́ sínú òwò ẹ̀yà ara mọ́tò. Ohun tí mo kà nínú ìwé àti ohun tí mo fi ojú rí nídìí ìsọ̀ ni mo fẹ́ pa pọ̀ fún yín. Bí mo bá ṣì í sọ, ẹ̀yin àgbà, ẹ fà mí létí.

ÌKÒKÒ ŃLÁ ÀTI ABỌ́ KÉÉKÈÈKÉ

A máa ń gbọ́ lórí rédíò pé ọrọ̀ ajé ìlú ti fi ìdá báyìí nínú ọgọ́rùn-ún dàgbà sí i. Ẹ jẹ́ kí n fi ìnáwó wa òní yìí ṣe àlàyé rẹ̀. Ká ní lọ́dún tó kọjá, ìkòkò ọbẹ̀ mẹ́wàá ni a sè. Lọ́dún yìí, a se mọ́kànlá. Oúnjẹ wa ti fi ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún pọ̀ sí i. Òótọ́ ni, kò sí irọ́ níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó ka ìkòkò kò tíì ka abọ́. Ó lè jẹ́ pé ìkòkò kọkànlá yẹn lọ tààrà sí ìdí tábìlì iwájú, tí àwọn tó jókòó sẹ́yìn sì jẹ iye tí wọ́n jẹ lọ́dún tó kọjá, tàbí kí ó má tiẹ̀ tó bẹ́ẹ̀.

Wọ́n tún máa ń pín owó ìlú sí iye orí ènìyàn. Ẹ ṣọ́ra fún ìyẹn náà. Ká ní ènìyàn mẹ́wàá wà nínú yàrá kan. Ẹnì kan ń rí sídì 910 lójúmọ́, àwọn mẹ́sàn-án yòókù ń rí sídì 10 lẹ́nì kọ̀ọ̀kan. Bí a bá pa á pọ̀, ó di sídì 1,000. Bí a bá pín in sí mẹ́wàá, sídì 100 ló kan ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ìwé á wá sọ pé nínú yàrá yẹn, sídì 100 ni ènìyàn ń rí lójúmọ́. Bẹ́ẹ̀, kò sí ẹyọ ẹnì kan nínú yàrá náà tó ń rí sídì 100.

Nítorí irú èyí ni àwọn onímọ̀ fi ní òṣùwọ̀n tí wọ́n fi ń mọ bí owó ṣe pín láàárín ènìyàn. Ọmọ ilẹ̀ Ítálì kan tó ń jẹ́ Corrado Gini ló gbé e jáde ní 1912, orúkọ rẹ̀ ni wọ́n sì fi ń pè é. Bí ó bá jẹ́ òdo, iye kan náà ni gbogbo ènìyàn ń gbà. Bí ó bá jẹ́ ọ̀kan, ẹnì kan ṣoṣo ló kó gbogbo rẹ̀. Kò sí ìlú tó wà ní òdo, kò sì sí èyí tó wà ní ọ̀kan. Àárín méjèèjì ni gbogbo ayé wà, ohun tí a sì ń bi ara wa ni apá ibi tí ìlú wa ń sún lọ.

ILẸ̀ TÍ A WÀ LÓRÍ RẸ̀

Ẹ jẹ́ kí a wo Gánà. Orílẹ̀-èdè yìí ti ṣe dáadáa ju ọ̀pọ̀ lọ ní Áfíríkà, ó sì yẹ kí àwa tí a jẹ nínú rẹ̀ sọ ọ́ síta. Ní 1991 sí 1992, ó ju ìdajì àwọn ará ìlú lọ tí ìjọba kà sí tálákà, ìyẹn ni pé ohun tí wọ́n ń ná kò tó jẹun kó sì tó ra ohun kò-ṣeé-mánìí. Nígbà tí wọ́n kà á ní 2012 sí 2013, ó ti wálẹ̀ dé 24.2 nínú ọgọ́rùn-ún. Iṣẹ́ ńlá ni. Ní ìparí 2010, epo rọ̀bì bẹ̀rẹ̀ sí jáde láti inú òkun lápá Takoradi, ọrọ̀ ajé ìlú sì fi nǹkan bí ìdá 14 nínú ọgọ́rùn-ún dàgbà ní 2011 nìkan. Ẹ rántí bí ilé ṣe ń yọ ní Accra nígbà náà bí olú inú oko.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ohun tó tẹ̀lé e. Nígbà tí wọ́n tún kà á ní 2016 sí 2017, 23.4 ni wọ́n bá. Ọdún mẹ́rin gbáko, epo ń jáde, góòlù ń jáde, kòkó ń lọ sí òkè òkun, àmọ́ ohun tó kúrò lára ìṣẹ́ kò tó ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún. Nítorí pé ènìyàn ń pọ̀ sí i, iye àwọn tálákà gan-an pọ̀ sí i ni, láti nǹkan bí mílíọ̀nù 6.4 sí mílíọ̀nù 6.8. Òṣùwọ̀n Gini náà gun òkè díẹ̀, láti 0.42 sí 0.43. Ìkòkò ń pọ̀ sí i, abọ́ ẹni ẹ̀yìn kò kún.

Ibi tó ti dùn mí jù ni bí ó ṣe pín sí agbègbè. Nínú ìkànìyàn 2016 sí 2017 yẹn, ní agbègbè Accra, ènìyàn 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún ni tálákà. Ní agbègbè Ashanti tí a wà yìí, 11.6 ni. Ní Upper West, lókè pátápátá, 70.9 ni. Orílẹ̀-èdè kan náà, owó kan náà, àsíá kan náà. Ẹ̀yin ará Tamale tí ẹ wà níbí mọ ohun tí mò ń sọ.

Kí ló fà á? Kì í ṣe ọ̀lẹ. Ẹni tó bá ti rí àgbẹ̀ òkè ọ̀hún nínú oòrùn oṣù kẹrin kò ní sọ bẹ́ẹ̀. Ohun àkọ́kọ́ ni pé gúúsù ni kòkó, góòlù àti gẹdú wà. Nígbà tí àwọn òyìnbó ń la ọ̀nà rélùwéè, láti Sekondi ni wọ́n ti fà á, ó dé Kumasi ní 1903. Ti Accra náà dé Kumasi ní 1923. Wọn kò fà á dé Tamale. Ohun tí wọ́n ń wá lọ sí àríwá ni ọwọ́ tí yóò wa góòlù àti apá tí yóò ru kòkó. Ibi tí ọ̀nà gbà ni ọjà gbà, ibi tí ọjà gbà ni ilé ìwé àti ilé ìwòsàn gbà. Ohun kejì ni pé òjò ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún ni ti àríwá, ti gúúsù sì jẹ́ ẹ̀ẹ̀mejì. Ohun kẹta ni pé epo àti góòlù máa ń mú owó gọbọi wá, ṣùgbọ́n ọwọ́ ènìyàn tí iṣẹ́ wọn ń fẹ́ kò pọ̀. Bí iye orí ìwé bá tilẹ̀ lọ sókè, ọ̀dọ́ tó rí iṣẹ́ nínú rẹ̀ kéré.

Bí ẹ bá fẹ́ rí gbogbo àlàyé yìí lójú kan, ẹ lọ sí Kejetia ní òwúrọ̀. Ẹ wo àwọn ọmọbìnrin aláàárù tí wọ́n ń pè ní kayayei. Kaya ni ẹrù lédè Haúsá, yei ni àwọn obìnrin lédè Gã. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, láti àríwá ni wọ́n ti wá. Orí wọn ni wọ́n fi ń ru ẹrù tí ẹlòmíràn fi ń jèrè. Ọjọ́ tí ọjà bá kún jù ni ọrùn máa ń dùn wọ́n jù.

Kí á má bàa sọ pé ti Gánà nìkan ni, ẹ jẹ́ kí n fi ẹsẹ̀ kan kan ilé. Ní 2014, Nàìjíríà tún ìṣirò ọrọ̀ ajé rẹ̀ ṣe, ó sì kọjá ti Gúúsù Áfíríkà lójijì. A jó, a yọ̀. Nígbà tí àjọ oníṣirò ìjọba àpapọ̀ ka àwọn tálákà ní 2019, ènìyàn bíi mílíọ̀nù 83 ni wọ́n bá, ìyẹn 40.1 nínú ọgọ́rùn-ún. Ní Èkó, 4.5 ni. Ní Sokoto, 87.7 ni. Ìtàn kan náà ni: ibi tí èbúté àti ọ̀nà wà ń yó, ibi tí kò sí ń wò.

BÍ ỌJÀ ṢE Ń ṢE É

Àwọn kan á ní olówó kò jalè, ó ṣiṣẹ́ ni. Ọ̀pọ̀ ìgbà ló rí bẹ́ẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú wa tó là níbí kò jí kọ́bọ̀ ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n ọjà ní ọ̀nà tó fi máa ń ran ẹni tó ti ní lọ́wọ́, bí kò tilẹ̀ sí ẹni tó hùwà ibi.

Ẹ wo obìnrin méjì tí wọ́n ń ta ìrẹsì. Ọ̀kan lówó láti ra ọgọ́rùn-ún àpò, èkejì ra àpò kan. Ẹni ọgọ́rùn-ún rí ẹ̀dínwó gbà. Ọkọ̀ tó kó ẹrù rẹ̀, owó kékeré ló kan àpò kọ̀ọ̀kan. Ó lè kó o pamọ́ títí ọjà á fi wọ́n. Ẹni àpò kan ní láti tà lónìí, nítorí inú rẹ̀ ni oúnjẹ alẹ́ ọmọ rẹ̀ wà. Àwọn méjèèjì jọ jí ní aago márùn-ún ìdájí. Nígbà tí ọdún fi parí, ẹni kìíní ti ra ìsọ̀ kejì, ẹni kejì ṣì ń wá owó àpò kan.

Ẹ tún wo ibi tí a ń fi owó pamọ́ sí. Ìyá alátẹ ń dá sídì 10 lójúmọ́ fún alájọ. Ní ọgbọ̀n ọjọ́, ó ti dá 300. Alájọ á yọ ti ọjọ́ kan, ó gba 290. Mi ò bú alájọ o. Òun ló ń rìn wá sí ìdí àtẹ nígbà tí báńkì kò wá, iṣẹ́ rẹ̀ ni ó ń jẹ. Ṣùgbọ́n ní ìparí 2022, ẹni tó lówó láti yá ìjọba fún oṣù mẹ́ta ń gba èlé tó sún mọ́ 35 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún. Ẹ fi wé ara wọn. Ẹni tó kéré ń sanwó kí wọ́n tó bá a tọ́jú owó rẹ̀, ẹni tó pọ̀ ń gba owó lé tirẹ̀.

Ọ̀wọ́n gógó náà ń ṣe iṣẹ́ yìí. Ní oṣù Kejìlá 2022, iye tí nǹkan fi wọ́n ju ti ọdún tó ṣáájú lọ níbí jẹ́ 54.1 nínú ọgọ́rùn-ún. Èlé 35 yẹn gan-an kò lè bá a. Àmọ́ ẹni tó ní ọjà nílẹ̀ kàn yí iye orí rẹ̀ padà. Ẹni tó ní dọ́là lọ́wọ́ rẹ́rìn-ín. Ta ló jẹ ẹ́? Olùkọ́ tó ń gba owó oṣù, aṣọ́bodè, ọmọ iṣẹ́, àti ìyá tí alájọ bá tọ́jú owó. Nàìjíríà ti tọ́ irú rẹ̀ wò náà láti 2023 tí ìjọba ti yọ owó ìrànwọ́ orí epo, tí wọ́n sì fi náírà sílẹ̀ kó wá ipò ara rẹ̀ lọ́jà.

Ó pẹ́ tí àwọn ọ̀mọ̀wé ti ń jiyàn lórí bóyá àìdọ́gba yìí á tán fúnra rẹ̀. Ní 1955, Simon Kuznets ní Amẹ́ríkà sọ pé ó dà bíi pé bí ìlú bá bẹ̀rẹ̀ sí là, àlàfo á kọ́kọ́ fẹ̀, lẹ́yìn náà á wá dínkù. Òun fúnra rẹ̀ jẹ́wọ́ pé ẹ̀rí tí òun ní kéré, ìméfò ló pọ̀ jù níbẹ̀. Àwọn olóṣèlú gbà á bí ẹni gba ìhìn rere, wọ́n ní kí tálákà ṣe sùúrù. Ṣùgbọ́n àwọn ìlú tí àlàfo ti dínkù, ọwọ́ ni wọ́n fi dín in. Gúúsù Kòríà pín ilẹ̀ fún àgbẹ̀ ní nǹkan bí 1950, wọ́n sì fi ọmọ sí ilé ìwé kí ilé iṣẹ́ ńláńlá tó dé. Láti 2003, Brazil ń fún ìyá tálákà lówó bí ó bá rán ọmọ rẹ̀ lọ sí ilé ìwé, àlàfo ibẹ̀ sì dínkù ní àwọn ọdún tó tẹ̀lé e, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ṣì fẹ̀. Kí ni mo tilẹ̀ ń lọ jìnnà fún? Ní oṣù kìíní 1955, ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn lábẹ́ Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Mélòó nínú àwọn dókítà àti agbẹjọ́rò wa ni kì í ṣe ọmọ àgbẹ̀ tí kò bá má rí owó ilé ìwé san? Níbí náà, láti oṣù kẹsàn-án 2017 ni ilé ìwé gíga girama ìjọba ti di ọ̀fẹ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin tí ọmọ yín lẹ́tọ̀ọ́ sí i, ẹ má fi dù wọ́n nítorí ọmọ iṣẹ́ tí ẹ ń wá sí ìsọ̀.

ÀLEJÒ NI WỌ́N MÁA Ń DÁ LẸ́BI

Mo dé ibi tí ọ̀rọ̀ yìí ti kàn wá lára. Nígbà tí abọ́ kò bá kún, ẹni tí ebi ń pa kì í wo ìkòkò. Ẹni tó jókòó tì í ni ó máa ń wò, pàápàá bí ẹni náà bá ń sọ èdè mìíràn.

Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí ní 1969. Iṣẹ́ wọ́n ní ìlú, gbèsè wà lọ́rùn ìjọba. Ní ọjọ́ 18 oṣù kọkànlá, ìjọba Dókítà Busia pàṣẹ pé àjèjì tí kò bá ní ìwé ìgbélùú gbọ́dọ̀ kúrò láàárín ọ̀sẹ̀ méjì. Bàbá mi ń ta aṣọ ní Ọjà Àárín Gbùngbùn Kumasi. Láti ìgbà tí ó ti dé, kò sí ẹni tó bi í ní ìwé rí. Ó lu aṣọ rẹ̀ ní gbànjo. Àwìn tí ó tà fún àwọn oníbàárà ní ìgbèríko, kò ráyè lọ gbà á. Nínú ọkọ̀ tó gbé wa lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́, mo rántí pé ìyá mi fi ìkòkò irin kan sáàárín ẹsẹ̀ rẹ̀ títí a fi délé, bí ẹni pé wọ́n á gba ìyẹn náà.

Ohun tí mo wá mọ̀ nígbà tí mo dàgbà ni pé àṣẹ kan náà kò bá gbogbo wa bákan náà. Ẹni tó ti kọ́lé sílé, tó ní owó ní báńkì ní Ìbàdàn, inú ilé rẹ̀ ló wọ̀. Àwọn tó jẹ́ pé gbogbo ayé wọn wà nínú ìsọ̀ kan, inú yàrá ẹbí ni wọ́n wọ̀. Bàbá mi kò tún ní ìsọ̀ mọ́ títí ó fi kú. Kí n má sì pa irọ́ mọ́ ilẹ̀ yìí: ìyá Ashanti kan tí ìsọ̀ rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwa gba ẹrù mẹ́ta pamọ́ fún bàbá mi. Ó tà á, ó sì fi owó rẹ̀ ránṣẹ́ lẹ́yìn ọdún méjì. Owó yẹn ni wọ́n fi rán mi lọ sí ilé ìwé girama.

Kí àwa náà má ṣe bí ẹni tí kò ṣẹ̀ rí. Ní oṣù kìíní 1983, nígbà tí owó epo wálẹ̀, ìjọba Nàìjíríà fún àwọn àjèjì tí kò ní ìwé ní ọ̀sẹ̀ méjì, ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọmọ Gánà sì kó ẹrù wọn sínú àpò tí a ṣì ń fi wọ́n pè dòní. Nígbà tí ọdún 2019 dé, tí wọ́n ń ti ìsọ̀ àwọn ọmọ Nàìjíríà pa níbí, mo bi ara mi pé ṣé ẹ̀san ni. Kì í ṣe ẹ̀san. Ebi kan náà ni, tó ń yí kiri.

Ẹ tún kíyè sí òfin tí wọ́n ṣe ní 2013. Ó ya títa ọjà wẹ́wẹ́ sọ́tọ̀ fún ọmọ onílẹ̀. Àjèjì tó bá fẹ́ máa rà kó máa tà ní láti kó mílíọ̀nù dọ́là kan wá, kó sì gba ọmọ Gánà 20 síṣẹ́. Onílẹ̀ ló ni ilẹ̀ rẹ̀, mi ò bá wọn jà. Ṣùgbọ́n ẹ rí i pé òfin yẹn kò lé àjèjì olówó. Àjèjì tálákà ni ó lé. Àdéhùn ECOWAS ti 1979 fún wa ní ọ̀nà láti wọlé, kò fún wa ní owó tí a ó fi dúró.

ILÉ TIWA

Ẹ̀yin ènìyàn mi, ilé ni a ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. A kò lè máa bú ìjọba lórí abọ́ tí kò kún nígbà tí àwa náà ní tábìlì iwájú àti ìjókòó ẹ̀yìn.

Ní ọdún mélòó kan sẹ́yìn, ọ̀kan nínú àwọn ìyá wa dẹ́kun wíwá sí ìpàdé. Ọkọ rẹ̀ ti kú. Ẹnikẹ́ni kò béèrè rẹ̀. Nígbà tí mo pàdé rẹ̀, omi tútù ló ń tà lẹ́bàá ọ̀nà. Mo ní, "Màmá, kí ló dé tí a kò rí yín mọ́?" Ó ní, "Ọmọ mi, owó aṣọ ẹgbẹ́ ọdún kan ju owó ọjà mi lọ. Ojú ń tì mí láti jókòó láìwọ̀ ọ́." Ẹgbẹ́ ìrànlọ́wọ́ ni orúkọ wa, aṣọ wa ló lé e jáde. Èmi gan-an ló wà nínú ìgbìmọ̀ tó mú aṣọ yẹn.

Ẹ jẹ́ kí n tún jẹ́wọ́ ìkejì. Ọmọ iṣẹ́ mi àkọ́kọ́ sìn mí fún ọdún mẹ́fà. Nígbà tí ó ṣe frídọ́ọ̀mù, mo gbàdúrà fún un, mo fún un ní aṣọ àti owó ọkọ̀. Mo rò pé mo ṣe é lóore. Ọgbọ́n òwò wà lórí rẹ̀, kò sí owó òwò lọ́wọ́ rẹ̀. Ọdún mẹ́fà tí ó fi sọ ìsọ̀ mi di méjì, àdúrà ni ó bá lọ. Mo ti wá a rí, mo sì ti tún un ṣe, ṣùgbọ́n ó pẹ́.

Nítorí náà, mo fi ìmọ̀ràn mẹ́rin síwájú ẹgbẹ́.

Èkíní: kí owó orí ẹgbẹ́ má rí bákan náà fún gbogbo wa mọ́. Kí onísọ̀ ńlá san ju alátẹ lọ, kí aṣọ ọdún sì jẹ́ ẹni tó bá wù ú.

Èkejì: èésú ni àwọn baba wa fi là. Ọ̀mọ̀wé òyìnbó kan, William Bascom, kọ̀wé lórí rẹ̀ ní 1952, wọ́n sì ń dá a dòní ní Trinidad, ibi tí wọ́n ti ń pè é ní susu gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe ń pè é níbí. Ẹ jẹ́ kí a ya apá kan nínú owó tó wà ní báńkì sọ́tọ̀, kí a máa yá àwọn tí owó ọjà wọn kéré láìsí èlé, kí wọ́n máa dá a padà lọ́sẹ̀lọ́sẹ̀, kí ẹni mẹ́ta máa ṣe onídùúró fún ara wọn. Ìyàtọ̀ àárín àpò kan àti àpò márùn-ún ni ìyàtọ̀ àárín kí ènìyàn máa jẹ èrè òòjọ́ àti kí ó ní òwò.

Ẹ̀kẹta: kí ẹni tó bá gba ọmọ iṣẹ́ kọ àdéhùn sílẹ̀ lójú ẹgbẹ́, kí iye owó òwò tí yóò fún un níkẹyìn wà nínú rẹ̀. Kí a ṣe é fún ọmọbìnrin bí a ṣe ń ṣe é fún ọmọkùnrin.

Ẹ̀kẹrin: kí ẹgbẹ́ ran àwọn tí kò ní lọ́wọ́ láti gba ìwé ìgbélùú àti káàdì ìlera. Ní 1969, ìwé ló ya ẹni tó dúró sọ́tọ̀ kúrò lára ẹni tó lọ. Kí àwa tí a ní ìsọ̀ sì máa gba ọmọ onílẹ̀ síṣẹ́, ká san owó ọjà àti owó orí bó ṣe yẹ. Ìyá Ashanti tó gba ẹrù bàbá mi pamọ́, kì í ṣe òfin ló ní kó ṣe é. Bàbá mi ti ń ta àwìn fún un fún ọdún mẹ́jọ. Àwọn méjèèjì ti jọ jẹ nínú abọ́ kan náà.

Àwọn kan á sọ pé bí a bá ń gba lọ́wọ́ olówó fún ẹni tí kò ní, olówó á bínú lọ. Mo mọ àwọn olówó wa níbí, mi ò rò bẹ́ẹ̀. Ká ní àwọn alátẹ márùndínlọ́gọ́rin láàárín wa bá di onísọ̀, lọ́wọ́ ta ni wọ́n á ti máa ra ọjà? Ọwọ́ àwọn olówó wa kan náà ni. Ọjà tí gbogbo ènìyàn lè rà nínú rẹ̀ ni ọjà tí ń tà. Ọjà tí ẹnì kan ṣoṣo lówó nínú rẹ̀, òun gan-an kò ní rí ẹni tà fún.

Nígbà tí ẹ bá padà sílé, tí rédíò bá tún sọ pé ọrọ̀ ajé ti dàgbà, ẹ má ṣe sọ pé irọ́ ni. Ẹ kàn béèrè pé abọ́ ta ni ó kún. Kí ẹ sì wo ẹ̀yìn nínú ìpàdé yìí, kí ẹ mọ ìjókòó tó ṣófo àti ẹni tó ń jókòó níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Mo ti ní kí ìyá wa yẹn wá lónìí. Ó wà níbí. Kò wọ aṣọ ẹgbẹ́. Màmá, ẹ kú ìjókòó o, ẹ dárí jì wá.

Ọlọ́run á jẹ́ kí ajé wá wa wá, kí á rí i ná pẹ̀lú àlàáfíà. A ò ní fi ojú sunkún ọjà. Ilẹ̀ yìí á gbà wá, ilé náà kò ní gbàgbé wa. Bí a ṣe pàdé lọ́dún yìí, ká tún pàdé lọ́dún tó ń bọ̀, ká má dín kan. Àṣẹ.